Leoluca Orlando: Kí ni méyọ̀ lè fi bá máfíà jà?

Ní Nàìjíríà, oríṣiríṣi nǹkan la máa ń pè ní máfíà. Nígbà kan, àwọn ìwé ìròyìn wa kì í yé dárúkọ “Kaduna Mafia”, ìyẹn àwọn alágbára kan lápá Àríwá tí wọ́n ní àwọn ló ń tukọ̀ ìjọba láti ẹ̀yìn. Lónìí, bí ènìyàn mẹ́ta bá ń pín ipò láàárín ara wọn ní ọ́fíìsì, máfíà ni wọ́n. Bí àwọn kan bá kó epo bẹntiróòlù pamọ́ kó lè wọ́n, máfíà ni wọ́n. Bí a bá wá gbọ́ pé ọ̀jọ̀gbọ́n kan ní Ítálì fi èyí tó pọ̀ jù nínú ayé rẹ̀ bá máfíà jà, ìbọn àti ọlọ́pàá tó ń lé ọkọ̀ ló ń wá sí wa lọ́kàn.

Leoluca Orlando tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ kì í ṣe ọlọ́pàá, kì í sì í ṣe adájọ́. Ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ òfin ni, ó sì ṣe méyọ̀ ìlú Palermo, olú ìlú Sísílì, fún nǹkan bí ọdún 22 lápapọ̀: láti 1985 sí 1990, láti 1993 sí 2000, àti láti 2012 sí 2022. Ibi tó ti ń dàrú mọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn lójú nìyí: ní Ítálì, méyọ̀ kò láṣẹ lórí àwọn ọlọ́pàá tó ń mú ọ̀daràn, kì í yan adájọ́, kò sì lè rán olè adìẹ lásán lọ sẹ́wọ̀n. Kí ló wá fi ń jà? Mo fẹ́ fara balẹ̀ ṣàlàyé rẹ̀, nítorí pé ẹni tí ìdáhùn ìbéèrè yìí bá yé ti mọ ohun tí máfíà jẹ́ gan-an.

Máfíà ti Sísílì, Cosa Nostra ni àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà ń pè é, ìyẹn “ohun tiwa”. Olè á jí nǹkan, á sì sá lọ. Máfíà kì í sá. Àdúgbò ló ń gbé, ó mọ ilé ìwé tí ọmọ onílé ń lọ, ó sì ń kí ènìyàn lójú títì. Ẹni tó bá ṣí ṣọ́ọ̀bù, owó kan wà tí wọ́n ń pè ní pizzo tí yóò máa san fún wọn, kí wọ́n lè “máa bá a wo ibẹ̀”. Bí kò bá san, wọ́n á fi gọ́ọ̀mù líle dí ihò kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ lóru. Yóò dé láàárọ̀, kọ́kọ́rọ́ kò ní wọlé. Kò sí ẹni tó máa ṣàlàyé fún un, òun náà kò sì ní béèrè. Bó bá ṣorí kunkun, iná ló máa ń tẹ̀ lé e. Libero Grassi, ọkùnrin kan tó ní ilé iṣẹ́ tó ń rán aṣọ ìsùn àti àwọ̀tẹ́lẹ̀ ní Palermo, kọ lẹ́tà sínú ìwé ìròyìn ní oṣù kìíní ọdún 1991 pé òun kò ní san. Ní ọjọ́ 29 oṣù kẹjọ ọdún yẹn kan náà, wọ́n yìnbọn pa á bó ṣe jáde nílé.

Ṣùgbọ́n owó ṣọ́ọ̀bù yẹn kéré nínú ọ̀rọ̀ náà. Ohun tí máfíà ń tà jù lọ ni ojú rere. Iṣẹ́ ọba, ìwé àṣẹ ìkọ́lé, omi, bẹ́ẹ̀dì ní ilé ìwòsàn, gbogbo ohun tó jẹ́ ẹ̀tọ́ ọmọ ìlú ni wọ́n fẹ́ kó gba ọwọ́ àwọn kọjá. Bó bá ti gba ọwọ́ wọn kọjá, kì í ṣe ẹ̀tọ́ mọ́, ó ti di oore. Ẹni tó bá sì gba oore, gbèsè wà lọ́rùn rẹ̀: ọjọ́ ìdìbò á dé, wọ́n á sọ ẹni tó máa dìbò fún, ọlọ́pàá á dé, wọ́n á ní kó má rí nǹkan kan. Àwọn ará Sísílì ní orúkọ fún ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn, omertà.

Òfin Ítálì pẹ́ kó tó rí ọ̀rọ̀ náà báyìí. Ṣáájú ọdún 1982, kò sí ibi tí òfin ti sọ pé jíjẹ́ ọmọ ẹgbẹ́ máfíà fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀. Aṣòfin kan láti Palermo, Pio La Torre, gbé àbá kan kalẹ̀ pé kó di ẹ̀ṣẹ̀, kí ìjọba sì máa gba dúkìá wọn. Wọ́n pa á ní ọjọ́ 30 oṣù kẹrin ọdún 1982. Ìjọba rán ọ̀gágun Carlo Alberto dalla Chiesa lọ sí Palermo láti wá kojú wọn. Ní ọjọ́ kẹta oṣù kẹsàn-án, wọ́n da ìbọn bo òun àti ìyàwó rẹ̀, Emanuela Setti Carraro, nínú ọkọ̀ lójú pópó. Ọjọ́ mẹ́wàá lẹ́yìn náà ni òfin yẹn jáde. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n ta ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀ kí ilé aṣòfin tó fọwọ́ sí ìwé kan.

Abala tó dá ẹ̀ṣẹ̀ náà sílẹ̀ ni wọ́n ń pè ní 416-bis. Ẹ wo ohun tó kà sílẹ̀ pé máfíà máa ń fi ìdẹ́rùbà àti omertà wá: ìṣàkóso òwò, ìwé àṣẹ, iṣẹ́ àgbàṣe ìjọba, àti ìbò. Ìbọn kọ́ ló wà níwájú níbẹ̀. Ìwé àṣẹ àti iṣẹ́ àgbàṣe sì rèé, orí tábìlì méyọ̀ ni wọ́n ń gbà kọjá. Níbi tí ìjà Orlando wà nìyẹn.

Palermo ti rí ohun tó lè ṣẹlẹ̀ nígbà tí tábìlì yẹn bá wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Láti 1958 ni Salvo Lima ti jẹ méyọ̀, Vito Ciancimino sì wá ń bójú tó iṣẹ́ òde; wọ́n fọwọ́ sí ìwé àṣẹ ìkọ́lé tó lé ní 4,000 láàárín ọdún díẹ̀. Èyí tó ju ìdajì lọ nínú wọn wà lórúkọ òṣìṣẹ́fẹ̀yìntì mẹ́ta tí kì í ṣe àwọn gan-an ló ń kọ́ àwọn ilé náà. Wọ́n kàn yá orúkọ wọn lò ni. Àwọn oko ọsàn àti òroǹbó wẹ́wẹ́ tó yí ìlú ká lọ, ilé alájà púpọ̀ tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì kọ́ gbapò wọn. Ilé ẹlẹ́wà kan wà láàárín ìlú tí wọ́n ń pè ní Villa Deliella, iṣẹ́ ọwọ́ Ernesto Basile, ọ̀kan nínú àwọn ayàwòrán ilé tó lókìkí jù ní Ítálì nígbà ayé rẹ̀. Ní òpin ọ̀sẹ̀ kan ní oṣù kọkànlá ọdún 1959, wọ́n wó o, nítorí pé ó kù díẹ̀ kí òfin tó ń dáàbò bo ilé àtijọ́ mú un. Ibẹ̀ di ibi ìgbọ́kọ̀sí. Ciancimino ní tirẹ̀, ilé ẹjọ́ dá a lẹ́bi lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún pé ó wà nínú ẹgbẹ́ máfíà.

Inú ìlú yìí ni wọ́n bí Orlando sí ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún 1947. Ilé ọlọ́lá ni, ọ̀jọ̀gbọ́n òfin sì ni bàbá rẹ̀. Orúkọ tí wọ́n sọ ọ́, Leoluca, orúkọ ẹni mímọ́ tó jẹ́ alábòójútó ìlú Corleone ni, ìlú tí gbogbo ayé wá mọ̀ mọ́ máfíà. Ó lọ sí ilé ìwé àwọn àlùfáà Jesuit, ó ka òfin, ó lọ sí Heidelberg ní Jámánì, ó padà wá ń kọ́ni ní yunifásítì Palermo. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ lè fi ìwé bojú kó sì jẹun rẹ̀ ní ìrọ̀rùn. Ohun tí ọ̀pọ̀ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe nìyẹn.

Àmọ́ ó di agbaninímọ̀ràn lórí òfin fún Piersanti Mattarella, tó di olórí ìjọba ẹkùn Sísílì ní 1978. Mattarella ń tú bí wọ́n ṣe ń pín iṣẹ́ àgbàṣe wò, ẹgbẹ́ òṣèlú tirẹ̀ gan-an ló sì wà nídìí ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kẹfà oṣù kìíní ọdún 1980, ọjọ́ àjọ̀dún, òun àti ìyàwó rẹ̀ pẹ̀lú àwọn ọmọ wọn fẹ́ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹnìkan rìn wá síbi ọkọ̀, ó sì yìnbọn láti ojú fèrèsé. Àbúrò rẹ̀ sáré dé, ó ń fà á jáde kúrò nínú ọkọ̀. Obìnrin ayafọ́tò kan tó ń jẹ́ Letizia Battaglia ń kọjá lọ, ó ya fọ́tò ìṣẹ́jú yẹn: ọ̀dọ́kùnrin tó gbá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ mú lápá, orí ẹ̀gbọ́n ti ṣubú sẹ́yìn. Sergio Mattarella lorúkọ àbúrò náà. Òun ni Ààrẹ Ítálì láti 2015.

Ní ọdún 1980 tí wọ́n pa Mattarella yẹn kan náà ni Orlando wọ ìgbìmọ̀ ìlú Palermo. Ní 1985 ó di méyọ̀, ọmọ ọdún 37 ni. Kò sí ẹni tí kò mọ ewu tó wà níbẹ̀. Giuseppe Insalaco, tó lo oṣù díẹ̀ péré lórí àga náà ní 1984, fẹjú mọ́ àwọn tó ń gba iṣẹ́ àgbàṣe ìlú. Ní oṣù kìíní ọdún 1988 wọ́n yìnbọn pa á. Láti ìgbà tí Orlando ti di méyọ̀ ló ti ń gbé láàárín àwọn ẹ̀ṣọ́.

Kí ló ṣe gan-an? Àkọ́kọ́, iṣẹ́ títún ọ̀nà ṣe àti iná òpópónà, tó ti wà lọ́wọ́ àwọn ilé iṣẹ́ kan náà fún ọ̀pọ̀ ọdún bí ẹni pé ogún bàbá wọn ni, ó sọ pé kí wọ́n pè é síta kí ẹni tó bá tó bẹ́ẹ̀ du ú. Ọ̀rọ̀ ilé ìwé tún wà. Àìmọye ọmọ Palermo ló ń kàwé nínú ilé gbígbé tí ìlú háyà: yàrá tó yẹ kí ènìyàn sùn sí ni kíláàsì wọn, tó sì jẹ́ pé owó ìlú ló ń bọ́ sápò àwọn onílé náà lọ́dọọdún. Kíkọ́ ilé ìwé gidi kò dún bí ìjà létí ẹni tó ń wo sinimá. Ṣùgbọ́n gbogbo ọmọ tó bá jáde kúrò nínú yàrá háyà yẹn, owó kan ti kúrò lọ́wọ́ ẹnìkan, ìyá ọmọ náà kò sì jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè oore.

Letizia Battaglia, obìnrin tó ya fọ́tò Mattarella, tó ti fi ọdún gbọọrọ ya òkú lójú títì Palermo, wọ inú ìgbìmọ̀ Orlando. Ọgbà ìgbafẹ́ àti ìmọ́tótó ìgboro ni iṣẹ́ rẹ̀. Mo máa ń ronú lórí èyí gan-an: kámẹ́rà tó ti rí gbogbo ẹ̀jẹ̀ yẹn, ọwọ́ tó mú un wá ń gbin òdòdó, ó ń kó pàǹtírí, ó ń wá ibi tí àgbàlagbà máa jókòó sí.

Nígbà yẹn ni ẹjọ́ ńlá bẹ̀rẹ̀ ní Palermo, ní ọjọ́ kẹwàá oṣù kejì ọdún 1986. Àwọn adájọ́ olùwádìí, Giovanni Falcone àti Paolo Borsellino pẹ̀lú àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn, kó àwọn olùjẹ́jọ́ tó lé ní 400 wá sínú gbọ̀ngàn tí wọ́n dìídì fi kọnkéré kọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀wọ̀n Ucciardone. Òfin Ítálì gbà kí ẹni tí ìwà ọ̀daràn pa lára dúró nínú ẹjọ́ gẹ́gẹ́ bí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀. Orlando mú kí ìlú Palermo fúnra rẹ̀ dúró bẹ́ẹ̀, pé wọ́n ti ṣe ìlú ní ibi. Ìlú tí àwọn aláṣẹ rẹ̀ ti ń sọ tẹ́lẹ̀ pé kò sí ohun tó ń jẹ́ máfíà, òun ló wá jókòó síwájú adájọ́ tó ń ka ẹ̀sùn. Nígbà tí ìdájọ́ jáde ní ọjọ́ 16 oṣù kejìlá ọdún 1987, àwọn tó jẹ̀bi lé ní 300, àwọn 19 nínú wọn sì gba ẹ̀wọ̀n gbére.

Orlando ní àpèjúwe kan tó máa ń fi ṣàlàyé ìjà yìí. Ní Sísílì, wọ́n ní kẹ̀kẹ́ ẹrù àtijọ́ kan tí ẹṣin tàbí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ń fà, tí wọ́n máa ń fi ọ̀dà oríṣiríṣi kùn, wọ́n á ya àwọn jagunjagun ayé àtijọ́ sí i lára. Ẹsẹ̀ méjì ló ní. Ó ní ẹsẹ̀ kan ni òfin, ìyẹn ọlọ́pàá àti ilé ẹjọ́. Ẹsẹ̀ kejì ni àṣà, ìyẹn ilé ìwé, ṣọ́ọ̀ṣì, ìwé ìròyìn, orin. Bí ẹsẹ̀ kan bá yí tí èkejì dúró, ojú kan náà ni kẹ̀kẹ́ yóò máa pòyì sí. Falcone wà nídìí ẹsẹ̀ kan, méyọ̀ wà nídìí èkejì.

Mi ò ní fi apá tó korò pamọ́, nítorí ibẹ̀ ló ń da ọ̀rọ̀ Orlando rú jù lọ fún ẹni tó bá ń kà nípa rẹ̀. Ní oṣù kìíní ọdún 1987, òǹkọ̀wé ńlá kan tó jẹ́ ọmọ Sísílì, Leonardo Sciascia, kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn pé àwọn kan ń fi ìjà máfíà wá ipò, ó sì ń bá méyọ̀ tí ọ̀rọ̀ máfíà kún ẹnu rẹ̀ wí, tí kì í rí àyè bójú tó ìlú. Gbogbo ènìyàn mọ ẹni tó ń bá wí. Ní 1990, Orlando fúnra rẹ̀ lọ sórí tẹlifíṣọ̀n, ó ní ẹ̀rí nípa àwọn ìpànìyàn tó kan òṣèlú wà nínú àpótí tábìlì ní ilé ẹjọ́ Palermo, wọn kò sì gbé e jáde. Falcone ló ń bá wí. Ọ̀rọ̀ náà le débi pé ní 1991, Falcone ní láti lọ ro ẹjọ́ ara rẹ̀ níwájú ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso àwọn adájọ́. Ọkùnrin tí máfíà ń dọdẹ rẹ̀! Lójú tèmi, àṣìṣe ńlá ni, ó sì wà lára ìtàn Orlando títí dòní. Ènìyàn lè wà ní ìhà tó tọ́ kó sì ju òkúta lu ẹni tí wọ́n jọ wà níbẹ̀.

Ní ọjọ́ 23 oṣù karùn-ún ọdún 1992, wọ́n fi bọ́ǹbù tú ọ̀nà mọ́tò nítòsí Capaci, wọ́n pa Falcone, ìyàwó rẹ̀ Francesca Morvillo, àti ẹ̀ṣọ́ mẹ́ta. Ní ọjọ́ 19 oṣù keje, wọ́n pa Borsellino àti ẹ̀ṣọ́ márùn-ún níwájú ilé tí ìyá rẹ̀ ń gbé. Lẹ́yìn ti Capaci, àwọn obìnrin Palermo ká aṣọ funfun orí bẹ́ẹ̀dì wọn, wọ́n kọ ọ̀rọ̀ sí i lára pé ó tó gẹ́ẹ́, wọ́n sì fi í kọ́ ojú fèrèsé. Ẹ rántí pé omertà la ti ń sọ bọ̀. Ilé tí aṣọ bá wà lójú fèrèsé rẹ̀, gbogbo àdúgbò ti mọ ìhà tí ó wà.

Orlando ti fi ẹgbẹ́ òṣèlú rẹ̀, Democrazia Cristiana, sílẹ̀ nígbà yẹn; òun àti àwọn mìíràn, Nando dalla Chiesa ọmọ ọ̀gágun tí wọ́n pa sì wà lára wọn, ti dá ẹgbẹ́ La Rete sílẹ̀ ní 1991. Nígbà tí òfin tuntun gba àwọn ará ìlú láyè láti dìbò yan méyọ̀ fúnra wọn ní 1993, ìdá 75 nínú ọgọ́rùn-ún ló dìbò fún un.

Ohun tí gbogbo ènìyàn rántí nípa sáà yẹn ni Teatro Massimo, ilé tíátà tó ti wà láti 1897, tó tóbi débi pé díẹ̀ ló jù ú lọ ní Yúróòpù. Ní 1974 wọ́n tì í pé àwọn fẹ́ tún un ṣe díẹ̀. Ó wà ní títì fún ọdún 23. Àwọn ọmọ tí wọ́n bí lọ́dún tí wọ́n tì í ti ń lọ sí yunifásítì, wọn kò tíì rí inú rẹ̀ rí. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1997, wọ́n ṣí i padà. Ìgbà yẹn náà ni ilé ìwé kọ̀ọ̀kan gba ilé àtijọ́ kan nínú ìlú ṣe tiwọn. Ọmọ kékeré á dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ààfin kan, á máa ṣàlàyé ìtàn rẹ̀ fún àwọn àlejò, títí kan àwọn àgbàlagbà àdúgbò tí wọn kò wọ ibẹ̀ rí. Ohun tí ọmọ bá ti pè ní tirẹ̀, ó ṣòro kí ẹnìkan tó wá wó o mọ́ ọn lójú ní òpin ọ̀sẹ̀.

Kò ṣẹ́gun nígbà gbogbo. Ní 2001 ó du ipò olórí ìjọba Sísílì, Salvatore Cuffaro fẹ̀yìn rẹ̀ gbálẹ̀; ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, Cuffaro wọ ẹ̀wọ̀n nítorí pé ó ran máfíà lọ́wọ́. Ní 2007 Orlando tún pàdánù ipò méyọ̀. Ó padà wọlé ní 2012.

Ìlú tó bá ní sáà ìkẹyìn yìí ti yàtọ̀. Àwọn ènìyàn láti Bangladesh, Gánà, Gáḿbíà àti Nàìjíríà ti ń gbé àdúgbò àtijọ́, pàápàá nítòsí ọjà Ballarò. Orlando máa ń sọ pé kò sí àjèjì ní Palermo, pé ẹni tó bá ti ń gbé ibẹ̀ ti di ará Palermo. Ní 2013 wọ́n dá ìgbìmọ̀ kan sílẹ̀ tí àwọn tó wá láti ilẹ̀ òkèèrè fi ìbò yan fúnra wọn, kí wọ́n lè máa sọ̀rọ̀ ní gbọ̀ngàn ìlú. Ẹ̀tọ́ àti oore náà ló tún bẹ̀rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i: ẹni tí kò ní ìwé, tí kò ní ẹni tó máa gbẹnu sọ fún un, òun ló rọrùn jù láti sọ di ẹrú oore. Ìyẹn kan àwa náà. Ní 2016, àwọn ọlọ́pàá Palermo mú àwọn ọmọ Nàìjíríà tí wọ́n ní wọ́n wà nínú ẹgbẹ́ òkùnkùn Black Axe, 416-bis yẹn kan náà ni wọ́n sì fi gbé wọn lọ sílé ẹjọ́. Àwọn tí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ kọ́kọ́ ń fìyà jẹ ni ọmọ ìyá wọn tí wọ́n jọ wá.

Àbùkù sáà náà ò kéré. Pàǹtírí kún ìgboro. Ní itẹ́ òkú Rotoli, láti 2020 títí ó fi kúrò lórí àga, ó tó àkókò tí pósí tó lé ní 1,000 wà nílẹ̀ láìsin, wọ́n tò wọ́n jọ lábẹ́ àgọ́ fún ọ̀pọ̀ oṣù, àwọn ọmọ olóògbé ń wá kí òkú wọn lórí ilẹ̀. Ó dùn mí láti kọ ọ́ nípa ọkùnrin yìí. Ibojì jẹ́ ẹ̀tọ́, ó sì yẹ kí òun mọ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ ohun tó máa ń wọlé níbi tí ẹ̀tọ́ kò bá ti tètè dé. Ó fi àga sílẹ̀ ní 2022. Ní 2024, ó wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Yúróòpù.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n padà sọ́dọ̀ àwọn ọlọ́jà. Ní oṣù kẹrin ọdún 2016, nítòsí Ballarò, ẹnìkan yìnbọn lu ọ̀dọ́ ọmọ Gáḿbíà kan lórí lójú títì. Ọmọ náà kò kú. Àwọn ọlọ́ṣọ́ọ̀bù àdúgbò náà, tó jẹ́ pé ọmọ Bangladesh ló pọ̀ jù nínú wọn, ti ń san owó fún àwọn tó ń dẹ́rù bà wọ́n níbẹ̀ láti ọjọ́ pípẹ́, wọ́n sì ti mọ bí kọ́kọ́rọ́ tí kò wọlé láàárọ̀ ṣe ń rí. Àwọn ẹgbẹ́ ọ̀dọ́ tó ń gbógun ti pizzo dúró tì wọ́n. Wọ́n tò lọ sọ́dọ̀ ọlọ́pàá, wọ́n jókòó, wọ́n sì dárúkọ ẹni tó ń gba owó náà, ọ̀kọ̀ọ̀kan.